Ohùn Yèyé Lórí Fóònù: Àkọsílẹ̀ Ìṣẹ̀lẹ̀ Ẹgbẹ́ Alámọ̀ Kan ní Èkìtì

Obìnrin mẹ́jọ ni ẹgbẹ́ náà. Ìlú wọn wà lójú ọ̀nà tó ti Ọ̀yẹ́ lọ sí Ìkọ̀lé. N kò ní dárúkọ ìlú náà, nítorí ọ̀rọ̀ ẹbí ẹlẹ́bí wà nínú ohun tí mo fẹ́ sọ, àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn sì ṣì jọ ń gbé ojú kan náà. Orin alámọ̀ ni wọ́n ń kọ. Ẹni tó bá ti dé ibi ìnáwó ní Èkìtì, ì báà jẹ́ ìgbéyàwó, òkú àgbà tàbí oyè jíjẹ, yóò ti gbọ́ irú rẹ̀ rí: obìnrin kan á máa dá a, àwọn tó kù á máa gbè é, oríkì ìdílé á máa jáde, ẹkún á máa jáde, ẹ̀rín náà á máa jáde, nígbà mìíràn nínú ìlà orin kan ṣoṣo.

Láti ìgbà ìgbélé kòrónà ọdún 2020 ni orin wọn ti kúrò lágbo, tó bọ́ sórí Facebook àti YouTube. Ìjà sì bá a dé. Ẹbí kan pè wọ́n lẹ́jọ́ níwájú ìjòyè, ẹgbẹ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ túká nítorí owó, ilé iṣẹ́ kan tí wọn kò rí rí sì yọjú pé òun ló ni ohùn ìyá tó ń dá orin fún wọn. Mo ń kọ́ àwọn ọmọ ní Yorùbá ní ilé ẹ̀kọ́ girama, mo sì ti mọ ìyá náà láti ìgbà tí mo ti ń kọ oríkì àwọn agboolé sílẹ̀, nítorí náà wọ́n ní kí n wá bá àwọn jókòó sí i. Mo kọ ohun tí mo rí níbẹ̀ nítorí mo gbà pé yóò ṣẹlẹ̀ sí ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ olórin ìbílẹ̀ ní ìpínlẹ̀ yìí, ó sì ń dùn mí pé púpọ̀ nínú wọn kò ní rí ẹni bá wọn jókòó.

Yèyé ni gbogbo ìlú ń pe ìyá tó ń dá orin. Ó ti lé ní ẹni àádọ́rin ọdún, ó ń gbin ẹ̀gẹ́, ó ń yan gàrí. Bí ẹnì kan bá wá fi ìnáwó lọ̀ ọ́, kì í kọ́kọ́ dárúkọ owó. Á ní kí wọ́n mú òun lọ sọ́dọ̀ ẹni tó dàgbà jù lọ nínú ẹbí. Á jókòó ti ẹni náà, nígbà mìíràn láti àárọ̀ títí oòrùn á fi yẹ̀rí, á sì máa bi í léèrè. Ta ló kọ́kọ́ tẹ agboolé yìí dó? Ìlú wo ni ìyá olóògbé ti wá? Ta ni wọ́n jọ dá oko àkọ́kọ́? Ọmọ wo ló kú mọ́ ọn lọ́wọ́, kí ni wọ́n sọ ọmọ tó tẹ̀lé e? Ta ló lọ dá kòkó nínú igbó Oǹdó tí kò padà wálé mọ́? Kò mọ̀wé, kì í sì í kọ nǹkan kan sílẹ̀. Orí rẹ̀ ló ń kó gbogbo rẹ̀ sí, mo sì ti rí i tó tún ìtàn tí wọ́n sọ fún un ní nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn sọ fún ọmọ-ọmọ ẹni tó sọ ọ́, tí ọmọ náà kò gbọ́ ọ rí nílé.

Tó bá di ọjọ́ ìnáwó, kì í kọ gbogbo ohun tó gbọ́. Ojú àwọn èèyàn ló ń wò kó tó mú ọ̀rọ̀. Bó bá rí àbúrò olóògbé tó ń ṣe bí ẹni pé kò sí nǹkan, á pe oríkì ìlú ìyá wọn sí i létí. Ọkùnrin náà á dìde, á bú sẹ́kún, á máa jó, á sì máa lẹ owó mọ́ Yèyé níwájú orí. Bó bá rí i pé ẹkún ti fẹ́ pọ̀ jù, á yí orin sí yẹ̀yẹ́ àwọn àna. Owó tí wọ́n fi ń pè wọ́n kéré gan-an. Owó tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ wọn yìí ló ń di owó oúnjẹ, owó ilé ẹ̀kọ́ ọmọ. Igbá kan wà láàrin agbo, ojú gbogbo wọn ni wọ́n ti ń dà á sí i. Ilẹ̀ kì í ṣú kí wọ́n tó pín in: ìpín méjì fún Yèyé, ọ̀kọ̀ọ̀kan fún àwọn tó kù àti onílù. Kò sẹ́ni tó kọ òfin yìí sínú ìwé rí, kò sì dìjà rí.

Ẹ̀rọ ti ń wọ inú eré wa tipẹ́. Àwọn àgbà ìlú náà ṣì ń sọ̀rọ̀ rédíò asọ̀rọ̀mágbèsì. Nígbà tí tẹlifíṣọ̀n WNTV bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959, abẹ́ ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn kan náà ni Èkìtì wà, ṣùgbọ́n ibi tí kò sí iná, eré tí wọ́n mọ̀ ni ti àwọn ẹgbẹ́ tíátà alárìnká, irú ẹgbẹ́ Hubert Ògúndé, tí ọkọ̀ wọn á wọ̀lú pẹ̀lú gbohùngbohùn, tí wọ́n á ṣeré lálẹ́ ní gbọ̀ngàn ìlú tàbí kíláàsì ilé ẹ̀kọ́. Sinimá gba ipò lọ́wọ́ wọn, fídíò wá gbà á lọ́wọ́ sinimá. Moses Adéjùmọ̀, Bàbá Sàlá, kó owó ńlá lé fíìmù kan ní ọdún 1982. Àwọn tó ń jí fíìmù dà kọ dà á sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á kiri, gbèsè sì dé bá a. Gbogbo èyí kọjá lára ẹgbẹ́ alámọ̀ láìgbẹ́ wọn lọ, nítorí kò sẹ́ni tó lè fi fíìmù sin bàbá rẹ̀. Òkú àgbà kú, wọ́n á wá pe Yèyé.

Nígbà tí síídì dé, oníkámẹ́rà bẹ̀rẹ̀ sí í wá sí ibi ìnáwó. Ẹbí ló ń sanwó fún un, àwọn ló ń gba síídì, inú kọ́bọ́ọ̀dù wọn ló ń wà. Mo fẹ́ kí ẹ fi èyí sọ́kàn: wọ́n ti ń gba ohùn Yèyé àti àwòrán rẹ̀ sílẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún kí ìjà kankan tó dé. Gbígbà sílẹ̀ kọ́ ló dá wàhálà sílẹ̀. Wàhálà dé nígbà tí ohun tí wọ́n gbà sílẹ̀ jáde kúrò nílé ẹni tó ni ìnáwó.

Ohun kan tún wà tó ti ṣẹlẹ̀ ṣáájú. Kété lẹ́yìn tí wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Èkìtì sílẹ̀ ní ọdún 1996, nígbà tí inú gbogbo èèyàn ń dùn sí ohunkóhun tó bá ń jẹ́ ti Èkìtì, ọkùnrin kan tó ń ta kásẹ́ẹ̀tì ní Adó kó wọn lọ sí sítúdíò. Wọ́n kọrin kún ojú méjèèjì kásẹ́ẹ̀tì. Ó fún wọn ní owó lẹ́ẹ̀kan náà, ó ra aṣọ ẹgbẹ́ fún wọn, ó sì tẹ àwòrán àti orúkọ Yèyé sí ara páálí kásẹ́ẹ̀tì náà. Wọn kò buwọ́ lu ìwé kankan. Kásẹ́ẹ̀tì yẹn tà ní Adó àti Ìkẹ́rẹ́ fún ìgbà díẹ̀, ó wá rọlẹ̀, ọ̀rọ̀ rẹ̀ sì di ìgbàgbé.

Lọ́dún 2020, ìjọba fòfin de àpèjọ. Kò sí ìgbéyàwó, kò sí ìnáwó òkú, wọ́n ń sin òkú pẹ̀lú èèyàn díẹ̀. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan, ọmọ ọmọ Yèyé, ti ilé ẹ̀kọ́ gíga dé nítorí wọ́n ti ibẹ̀ pa. Ó ní fídíò kan nínú fóònù rẹ̀, èyí tó ká síbi òkú àgbà kan lọ́dún tó ṣáájú. Ó gbé e sórí Facebook láti fi gbádùn ara rẹ̀. Àwọn ọmọ Èkìtì tó wà ní Lọ́ńdọ̀nù, ní Amẹ́ríkà, ní Kánádà rí i, wọ́n ń pín in kiri láti WhatsApp dé WhatsApp. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ni kò lè wálé wá sin òbí wọn lọ́dún náà. Mo ka ohun tí wọ́n kọ sísàlẹ̀ fídíò yẹn, mo sì mọ̀ pé kì í ṣe ohun àmúṣeré lásán ni wọ́n ń wò.

Ọmọ náà wá ṣí ìkànnì lórí YouTube. Nígbà náà, kí YouTube tó jẹ́ kí ẹnikẹ́ni jẹ nínú owó ìpolówó, ìkànnì náà gbọ́dọ̀ ní 1,000 èèyàn tó ń tẹ̀lé e, kí àwọn èèyàn sì ti wo fídíò rẹ̀ fún 4,000 wákàtí láàrin oṣù 12. Fún orin alámọ̀, tó máa ń gùn, wákàtí yẹn kò nira tó bí àwọn ọmọ aláwàdà ṣe ń rò. Àwọn àgbà ilẹ̀ òkèèrè á tan fídíò, wọ́n á gbé fóònù sílẹ̀, wọ́n á máa gbọ́ ọ títí á fi parí. Lẹ́yìn èyí, tí owó bá ti pé dọ́là 10, Google á fi lẹ́tà tó ní nọ́ńbà ìdánimọ̀ ránṣẹ́ sí àdírẹ́sì ẹni náà. Àdírẹ́sì wo ni ẹ fẹ́ kí ilé tó wà lẹ́yìn ọjà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi ọsàn, ní? Lẹ́tà àkọ́kọ́ kò dé. Wọ́n tún béèrè òmíràn, wọ́n sì lo àpótí ìfìwéránṣẹ́ ilé ẹ̀kọ́ wa kó tó bọ́ sọ́wọ́ wọn. Owó kò sì lè jáde títí á fi pé dọ́là 100.

Ẹbí olókùú ló kọ́kọ́ bínú. Nínú fídíò àkọ́kọ́ yẹn, ibì kan wà tí Yèyé ti dárúkọ igi ìrókò ẹ̀yìnkùlé, tí tẹ̀gbọ́n-tàbúrò ti máa ń jókòó sábẹ́ rẹ̀ rí, tí kò sì sẹ́ni tó ń jókòó síbẹ̀ mọ́. Ẹni tí kò mọ̀dí ọ̀rọ̀ á rò pé igi ló ń sọ. Ṣùgbọ́n ìjà oyè kan ti pín agboolé náà sí méjì láti ìgbà pípẹ́, abẹ́ ìrókò yẹn ni wọ́n sì ti kọ ara wọn sílẹ̀. Ní agbo lọ́jọ́ òkú, ọ̀rọ̀ náà ṣiṣẹ́ tó yẹ kó ṣe: ọkùnrin méjì láti ìhà méjèèjì dìde, wọ́n jó lọ sí ọ̀dọ̀ ara wọn, wọ́n jọ lẹ owó mọ́ Yèyé. Ìyẹn gan-an ni wọ́n ń pe olórin sí òkú àgbà fún. Nígbà tí fídíò bọ́ síta, ọmọ ìlú kan ní òkèèrè tó mọ ìtàn náà tú gbogbo rẹ̀ palẹ̀ sábẹ́ fídíò, pẹ̀lú orúkọ, ẹlòmíràn dá a lóhùn láti ìhà kejì, èébú sì bẹ̀rẹ̀ láàrin àwọn ọmọ tí wọn kò bí nígbà tí ìjà náà ṣẹlẹ̀. Ìdajì ohun tí Yèyé tún ṣe lágbo ni wọ́n bàjẹ́ lórí Facebook.

Ọ̀rọ̀ dé iwájú ìjòyè àdúgbò. Bàbá tó jẹ́ olórí ẹbí náà kò pariwo. Ó kọjú sí mi, ó ní, “Tíṣà, ẹnu èmi yìí ni mo fi sọ ọ̀rọ̀ ìrókò fún un. Inú ilé ni mo ti sọ ọ́. Mi ò sọ ọ́ fún Amẹ́ríkà.”

Yèyé kúnlẹ̀. Ó ní, “Bàbá, ẹ má bínú. Níbi tí mo ti kọ ọ́, àwọn tó yẹ kó yé ló yé. Àwọn ọmọdé tó wà níbẹ̀, ìrẹsì ni wọ́n ń jẹ.”

Nínú ọ̀rọ̀ méjì yìí ni gbogbo ohun tí mo ní í sọ wà. Alámọ̀ kì í ṣe orin tí ẹnì kan kọ tán tó wá ń kọ ọ́ fún gbogbo ayé. Àárín ẹni tó ń kọ ọ́ àti ẹni tó jókòó síwájú rẹ̀ ni wọ́n ti ń hun ún. Yèyé mọ ẹni tó wà níbẹ̀, ó mọ ohun tí oníkálukú lè gbà mọ́ra, ó sì mọ̀ pé bí ilẹ̀ bá ṣú, ọ̀rọ̀ náà á bá agbo túká. Fóònù mú ohùn, ó mú àwòrán, ó sì fi ààlà yẹn sílẹ̀. Ẹni tó bá sọ pé ká má gbé e sórí íntánẹ́ẹ̀tì rárá kò ro ti àwọn tí kò lè wálé sìnkú òbí wọn, èmi ò sì fara mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ń gbé e síbẹ̀ gbọ́dọ̀ fi ọwọ́ ara rẹ̀ pa ààlà náà, nítorí ẹ̀rọ kò ní bá a pa á.

Nílé ìjòyè yẹn, wọ́n fi obì àti ọtí bẹ ẹbí. Wọ́n yọ fídíò náà kúrò lórí Facebook àti YouTube lójú gbogbo wa. Bàbá béèrè bóyá a lè yọ àwọn tó ti wà lórí WhatsApp àwọn èèyàn. Mo ní a kò lè yọ ọ́. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó ní kí wọ́n gbé ọtí wá. Wọ́n sì fẹnu kò pé láti ìgbà náà, kí fídíò òkú kankan tó jáde, àgbà ẹbí àti Yèyé ni yóò jọ wò ó, ibi tí àgbà bá ní kí wọ́n gé, wọ́n á gé e láìbéèrè ìdí.

Ìjà owó ní tirẹ̀ kò gùn, àmọ́ ó korò ju ti ẹbí lọ. Owó wọlé láti Google. Ọmọ náà ra fóònù tó mọ́ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, ó ra iná tí wọ́n fi ń ya fídíò, ó ra páńẹ́ẹ̀lì sólà kékeré nítorí iná tí kì í dúró, ó sì fún màmá rẹ̀ àgbà ní ohun tó kù. Kò jalè. Ohun tó rò ni pé òun ló ni iṣẹ́, Yèyé ló ni ohùn. Àwọn obìnrin méje tó kù gbọ́ ọ lọ́jà. Ọ̀kan nínú wọn, ẹni tó ti ń gbè fún Yèyé láti ìgbà tí wọ́n ti jẹ́ ọmọge, dáwọ́ dúró, kò wá sí ìpàdé mọ́. Ohun tó sọ fún mi ni pé, “Tíṣà, tí a kò bá gbè é, ṣé á máa dá a fún ara rẹ̀ ni?” Òótọ́ ló sọ. Igbá àárín agbo ni kò sí mọ́. Owó tí gbogbo ojú ń rí tẹ́lẹ̀ wá ń wọlé sínú ìméèlì ẹnì kan, kò sì sí bí ẹni tí kò mọ̀wé ṣe lè wo inú rẹ̀.

Ohun tí a ṣe ni pé a dá igbá náà padà. Ọmọ náà ń gba ìpín kan bí onílù, wọ́n sì ń yọ owó dátà àti owó ẹ̀rọ kí wọ́n tó pín. Ní òpin oṣù, á ṣí ojú ìwé owó lórí fóònù níwájú gbogbo wọn, ọmọbìnrin akápò ẹgbẹ́ tó ti jáde girama á kà á sókè, á kọ ọ́ sínú ìwé àjọ wọn. Obìnrin tó bínú ti padà. Kò tíì bá ọmọ náà sọ̀rọ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n ó ń gbè.

Ọ̀rọ̀ ilé iṣẹ́ ló gba ìwé kíkà jù lọ. Lẹ́yìn tí ìkànnì ti dúró, ọmọ náà rí kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́ nínú àpótí Yèyé. Ó yá ẹ̀rọ kásẹ́ẹ̀tì, ó so ó mọ́ kọ̀ǹpútà, ó da orin náà sínú rẹ̀, ó sì gbé e sórí YouTube pẹ̀lú àwòrán páálí rẹ̀. Láìpẹ́, àmì kan yọ pé orin náà ní oní-ǹkan, owó ìpolówó tó bá wọlé lórí rẹ̀, ẹlòmíràn ni yóò máa gbà á. Ẹ̀rọ tí YouTube ń pè ní Content ID ló ṣe é. Àwọn ilé iṣẹ́ orin máa ń kó ohùn tí wọ́n ní sínú rẹ̀, ẹ̀rọ náà á sì máa fi wé gbogbo ohun tí àwọn èèyàn bá gbé wá. Ẹni tó ta kásẹ́ẹ̀tì lọ́jọ́ sí ti kú. Ilé iṣẹ́ kan ti ra gbogbo ẹrù kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn ọmọ rẹ̀, wọ́n sì ti kó o sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Yèyé béèrè lọ́wọ́ mi pé báwo ni ẹni tí òun kò pàdé rí ṣe lè ni ohùn òun. Inú bí mi lọ́jọ́ náà, mo sì lọ ka òfin.

Òfin kọ́píráìtì ọdún 1988 ló wà lẹ́nu iṣẹ́ nígbà tí wọ́n gba orin yẹn sílẹ̀. Ohun tó wà nínú rẹ̀ ni pé bí ohun tí wọ́n gbà sílẹ̀ bá jẹ́ orin, olórin tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ gbé e jáde ni òfin kà sí ẹni tó ṣe é, àyàfi tí àdéhùn bá sọ nǹkan mìíràn. Ó tún sọ pé gbígbé irú ẹ̀tọ́ bẹ́ẹ̀ fún ẹlòmíràn kò múlẹ̀ àfi tí ó bá wà nínú ìwé. Òfin tuntun, tí wọ́n ń pè ní ti ọdún 2022, tí Ààrẹ Muhammadu Buhari buwọ́ lù ní oṣù Kẹta ọdún 2023, kò yí ti ìwé kíkọ yìí padà, ó sì tún ní ààbò fún àwọn òṣèré àti fún iṣẹ́ ìbílẹ̀ àwọn èèyàn. Ẹ wo ohun tó wà lọ́wọ́ wa: páálí kásẹ́ẹ̀tì tó ní orúkọ Yèyé gàdàgbà, àti ìwé àdéhùn tí kò sí. Ìwé tí wọn kò kọ, tí mo ti kọ́kọ́ rò pé yóò pa wọ́n lára, ilé iṣẹ́ yẹn ló pa lára.

A kọ àtakò sí YouTube, a ya àwòrán páálí mọ́ ọn. Ilé iṣẹ́ tó bá ní òun ló ni orin ní 30 ọjọ́ láti fèsì. Bí kò bá fèsì, YouTube á tú orin náà sílẹ̀. Wọn kò fèsì. Orin náà padà sọ́wọ́ ẹgbẹ́. Mo mọ̀ pé tí wọ́n bá ti tako wa ni, tí wọ́n sì gbé agbẹjọ́rò dìde, owó ẹjọ́ ì bá ju ohun tí kásẹ́ẹ̀tì náà lè pa ní ọdún mẹ́wàá lọ. Ẹgbẹ́ olórin tí ó bá ní páálí, ìwé ìpè, fọ́tò sítúdíò, ìwé owó, ohunkóhun tó ní orúkọ wọn àti ọdún lára, kí wọ́n tọ́jú rẹ̀ bíi Bíbélì.

Lórí TikTok, àwọn ọmọ kan fi ìlù ìgbàlódé sábẹ́ ohùn Yèyé, wọ́n ń jó o. Ẹgbẹ́ wò ó, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní kí wọ́n máa jó. A kò bá wọn jà.

Lẹ́yìn ìjà, iṣẹ́ tuntun bẹ̀rẹ̀, èyí sì ló dùn mọ́ mi jù. Àwọn èèyàn láti òkèèrè ń béèrè pé kí Yèyé kọ oríkì ìdílé wọn fún ayẹyẹ ọjọ́ ìbí tàbí ìrántí òbí. Ọmọ náà kọ́kọ́ ṣe é bó ṣe rọrùn: ó gba ìtàn ẹbí lórí WhatsApp, ó kà á fún Yèyé, ó gbé kámẹ́rà síwájú rẹ̀ nínú yàrá, ó ní kó máa kọ ọ́. Yèyé kọ díẹ̀, ó dákẹ́. Ó tún bẹ̀rẹ̀, ó tún dákẹ́. Mo wà níbẹ̀. Obìnrin tó lè kọrin láti ìrọ̀lẹ́ dé òwúrọ̀ kò rí orin kọ. Ó ní, “Ta ni mò ń kọ ọ́ fún níbí? Ojú ta ni kí n wò?”

Wọ́n yí i padà. Ní báyìí, ẹni tó bá fẹ́ orin gbọ́dọ̀ ní àgbà kan nílé, ní Èkìtì, tí Yèyé máa lọ bá jókòó bó ṣe máa ń ṣe. Lọ́jọ́ tí wọ́n máa gba orin náà sílẹ̀, ilé ẹbí yẹn ni wọ́n á ti ṣe é, àwọn ará ilé á jókòó, àwọn elégbè á pé, ẹni tó wà lókèèrè á sì wà lórí ìpè fídíò tí wọ́n gbé fóònù rẹ̀ ka orí àga bí ẹni tó jókòó. Yèyé á máa wo ojú rẹ̀ nínú fóònù, á máa wo ojú àwọn tó wà nílé. Bí nẹ́tíwọ́ọ̀kì bá já, á dúró dè é. Owó lílẹ̀ ń ti báńkì wọlé, igbá àárín agbo náà sì tún ń kún, nítorí àwọn ará ilé kì í lè jókòó kí wọ́n máà dìde. Ó gba ọjọ́ púpọ̀ ju bí ọmọ náà ṣe fẹ́ lọ, ó náni lówó jù, wọn kò sì lè gba ju ìwọ̀nba lọ lóṣù. Ṣùgbọ́n mo ti gbọ́ méjèèjì, ti yàrá àti ti ilé ẹbí, n kò sì lè pè wọ́n ní orin kan náà.

Ohun tó ń dẹ́rù bà mí ni ti àwọn tó ń kọ́ṣẹ́. Ọmọbìnrin méjì ti ń tẹ̀lé ẹgbẹ́ báyìí, tẹ́lẹ̀ kò sí ẹnì kankan. Fídíò ló fà wọ́n wá, mo sì dúpẹ́ fún un. Ohùn wọn dùn. Wọ́n ti há ọ̀pọ̀ ibi tó gbajúmọ̀ nínú orin Yèyé sórí láti inú fóònù, wọ́n mọ ibi tó ti ń fa ohùn, ibi tó ti ń gé e. Ṣùgbọ́n wọn kì í fẹ́ tẹ̀lé e lọ jókòó ti àwọn àgbà, nítorí kò sí fídíò níbẹ̀. Bí Yèyé bá lọ lọ́la, ohùn rẹ̀ á wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kò sì ní sẹ́ni tó mọ bí wọ́n ṣe ń béèrè. Ọmọ tó bá há oríkì ẹbí kan sórí lè kọ ọ́ fún ẹbí yẹn nìkan. Ọmọ tó bá mọ ìbéèrè lè kọ fún ẹbí tí Yèyé kò tilẹ̀ mọ̀. Mo sọ èyí ní ìpàdé wọn, ẹgbẹ́ sì ti sọ ọ́ di òfin pé ọmọ tí kò bá bá Yèyé lọ síbi ìbéèrè kò ní jẹ nínú igbá. Ọ̀kan nínú wọn ti ń lọ. Èkejì ṣì ń ṣàwáwí, n kò sì dá a lẹ́bi pátápátá. Ọmọ náà ń ránṣọ, ọjọ́ tó bá fi jókòó ti àgbà, kò rí owó.

Ohun kan ló kù nílẹ̀. Ìméèlì àti nọ́ńbà ọmọ ọmọ Yèyé ni ìkànnì náà wà lórí, àkáǹtì báńkì rẹ̀ sì ni owó ń wọ̀. Yóò lọ sin ilẹ̀ bàbá rẹ̀ bí àgùnbánirọ̀ láìpẹ́, kò sì sẹ́ni tó mọ ìpínlẹ̀ tí wọ́n máa gbé e lọ. A ti fi ọmọbìnrin akápò kún àwọn tó láṣẹ láti wọ ìkànnì náà, YouTube fàyè gba ìyẹn. Ti owó ni kò tíì yanjú: báńkì kò ní ṣí àkáǹtì lórúkọ ẹgbẹ́ tí kò ní ìwé ìforúkọsílẹ̀. Fọ́ọ̀mù ti wà lọ́wọ́ akápò. Obìnrin mẹ́fà ti tẹ̀ka, àwọn méjì tó kù ń dúró de nọ́ńbà ìdánimọ̀ NIN wọn.